Àwọ̀n ẹ̀fọn ojú fèrèsé àti ẹnu-ọ̀nà ní ilẹ̀ Ẹ̀gbá

Àwọ̀n ẹ̀fọn ojú fèrèsé, tí ọ̀pọ̀ ènìyàn mọ̀ sí nẹ́ẹ̀tì, jẹ́ aṣọ tàbí wáyà olójú wẹ́wẹ́ tí a nà sí ojú fèrèsé tàbí ẹnu-ọ̀nà kí afẹ́fẹ́ lè wọlé, kí ẹ̀fọn, eṣinṣin àti àwọn kòkòrò mìíràn má sì rí àyè bá a wọlé. Àwọ̀n aṣeéká àti àwọ̀n aṣeéṣẹ́po jẹ́ irú rẹ̀ tí kì í dúró sójú kan: a máa ń fà wọ́n jáde nígbà tí a bá fẹ́ lò wọ́n, wọn a sì padà sínú àpótí tẹ́ẹ́rẹ́ tàbí sí ẹ̀gbẹ́ kan nígbà tí a kò bá nílò wọn. Ní Abẹ́òkúta àti káàkiri ilẹ̀ Ẹ̀gbá ní Ìpínlẹ̀ Ògùn, orílẹ̀-èdè Nàìjíríà, èyí tí a kàn mọ́ férémù àti èyí tí ń rìn nínú fèrèsé àlùmíníọ̀mù ló ṣì wọ́pọ̀ jù, àmọ́ àwọn aṣeéká náà ti ń wọ ilé tuntun.

Ìdí tí a fi ń lò ó

Ibà ni ìdí àkọ́kọ́. Abo ẹ̀fọn tí a mọ̀ sí Anopheles ló ń gbé kòkòrò àìsàn náà láti ara ẹnì kan dé ara ẹlòmíràn, òru ló sì máa ń jẹni jù, títí di àfẹ̀mọ́júmọ́. Gẹ́gẹ́ bí ìṣirò Àjọ Ìlera Àgbáyé, Nàìjíríà nìkan ló ni nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́rin gbogbo ibà tó ń ṣe ènìyàn lágbàáyé lọ́dọọdún, àwọn ọmọ tí kò tíì pé ọdún 5 ló sì pọ̀ jù nínú àwọn tó ń bá a lọ. Kì í ṣe Anopheles nìkan ni ẹ̀fọn ìlú. Culex tó ń yé sínú gọ́tà dídọ̀tí ló sábà máa ń kùn létí ènìyàn lóru. Aedes, tó ń gbé ibà pọ́njú káàkiri, ojú ọ̀sán ló ń jẹni ní tirẹ̀, nígbà tí kò sí ẹni tó wà lábẹ́ nẹ́ẹ̀tì orí bẹ́ẹ̀dì. Níbi èyí ni àwọ̀n ojú fèrèsé ti ní àǹfààní tí nẹ́ẹ̀tì orí bẹ́ẹ̀dì kò ní, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò lè rọ́pò rẹ̀.

Ilẹ̀ Abẹ́òkúta fúnra rẹ̀ dá kún ọ̀rọ̀ náà. Bí òjò bá dá, omi a máa dúró sínú kòtò orí àpáta, sínú ipa táyà ojú ọ̀nà àti sí ẹ̀gbẹ́ ilé tí wọ́n ń kọ́ lọ́wọ́. Irú omi tí oòrùn ń ràn sí bẹ́ẹ̀ ni Anopheles gambiae fẹ́ràn láti yé sí. Òkúta tó gba oòrùn mọ́ra lọ́sàn-án a sì máa tú ooru rẹ̀ sílẹ̀ lóru. Nígbà tí iná mànàmáná bá lọ tí fáànù dúró, ẹni tí kò ní àwọ̀n yóò yan ọ̀kan nínú méjì: kó ti fèrèsé kí ooru mú un, tàbí kó ṣí i kí ẹ̀fọn jẹ ẹ́.

Ìwádìí kan tí wọ́n ṣe ní àgbègbè Farafenni lórílẹ̀-èdè Gáńbíà, tí ìwé ìròyìn The Lancet gbé jáde ní 2009, fi hàn pé ilé tí wọ́n fi àwọ̀n dí ilẹ̀kùn àti fèrèsé rẹ̀, tí wọ́n sì dí etí òrùlé rẹ̀, ní ẹ̀fọn tó fi ìdá 59 nínú ọgọ́rùn-ún kéré sí ti ilé tí wọn kò dí. Ilé tí wọ́n kàn fi àwọ̀n ṣe àjà fún ní èyí tó fi ìdá 47 kéré. Àìtó ẹ̀jẹ̀ láàárín àwọn ọmọdé sì dín kù nínú irú ilé méjèèjì. Ní 2021 ni Àjọ Ìlera Àgbáyé fi àwọ̀n ara ilé kún àwọn ohun tó dámọ̀ràn fún dídènà ibà. Ẹ̀kọ́ pàtàkì kan wà nínú ìwádìí yẹn fún àwọn ilé àtijọ́ onípáànù ní Abẹ́òkúta: àlàfo tó wà láàárín orí ògiri àti òrùlé jẹ́ ọ̀nà gbòòrò fún Anopheles, bí ilé kò bá sì ní àjà, àwọ̀n ojú fèrèsé tó dára jù lọ yóò kàn darí ẹ̀fọn gba òkè ni.

Ìtàn

Ilé Ẹ̀gbá àtijọ́, bíi ti ilẹ̀ Yorùbá yòókù, jẹ́ agbo ilé tó yí àgbàlá ká. Fèrèsé yàrá kì í pọ̀, èyí tó bá sì wà, kékeré ni. Èéfín ni wọ́n fi ń lé ẹ̀fọn. Lẹ́yìn tí àwọn Sàró bẹ̀rẹ̀ sí í padà wálé ní ìparí àwọn ọdún 1830, tí àwọn míṣọ́nárì sì wá tẹ̀dó sí ìlú náà ní 1846, ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì onífèrèsé pákó ńlá bẹ̀rẹ̀ sí í yọ láàárín ìlú. Fèrèsé ńlá mú afẹ́fẹ́ wọlé, ó sì mú ẹ̀fọn wọlé pẹ̀lú.

Àwọ̀n wáyà ojú fèrèsé kò ti ọ̀dọ̀ wa wá. Iléeṣẹ́ Gilbert and Bennett ní Connecticut, Amẹ́ríkà, tí ń hun asẹ́, wà lára àwọn tó sọ ọ́ di ọjà gidi ní àkókò Ogun Abẹ́lé ilẹ̀ náà (1861–1865). Nígbà tí ọjà asẹ́ wọn ní gúúsù dáwọ́ dúró, wọ́n kun aṣọ wáyà tó wà nílẹ̀ lọ́dà kó má baà dípẹtà, wọ́n sì ń tà á fún ojú fèrèsé. Ẹni tó bá ti rí asẹ́ tí àwọn ìyá ní ilẹ̀ Ẹ̀gbá fi ń kù láfún kò ní í rí i bí ohun àjèjì.

Eṣinṣin ni wọ́n kọ́kọ́ ń fi í lé. Lẹ́yìn tí Ronald Ross rí kòkòrò ibà nínú ẹ̀fọn ní Íńdíà ní 1897 ni ó di ohun ìdáàbòbò lọ́wọ́ àìsàn. Ní 1900, Giovanni Battista Grassi fi àwọ̀n wáyà dí ilé àwọn òṣìṣẹ́ ọkọ̀ ojú irin ní gúúsù Ítálì, ọ̀pọ̀ jù lọ wọn ni ibà kò sì ṣe ní àsìkò náà. Ní Èkó, William MacGregor, dókítà tó jẹ́ gómìnà láti 1899 sí 1904, tẹpẹlẹ mọ́ kuníìnì, gbígbẹ́ ojú omi àti fífi àwọ̀n dí ilé. Abẹ́òkúta wà lábẹ́ Ìjọba Ìṣọ̀kan Ẹ̀gbá nígbà náà, èyí tó wà láti 1898 sí 1914, ṣùgbọ́n reluwé tó so ó pọ̀ mọ́ Èkó àti Ìbàdàn, tí wọ́n parí ní 1901, mú kí ohun èlò ilé Èkó tètè dé ibẹ̀.

Fèrèsé pákó ni lúfà onígíláàsì wá rọ́pò ní ọ̀pọ̀ ilé. Lúfà kò ṣeé so àwọ̀n mọ́ lójú ara rẹ̀, nítorí náà kápẹ́ńtà a máa kan férémù igi tẹ́ẹ́rẹ́ sí inú yàrá, a sì fi ìṣó kékeré àti pẹlẹbẹ igi mú nẹ́ẹ̀tì mọ́ ọn. Lẹ́yìn rẹ̀ ni fèrèsé àlùmíníọ̀mù tó ń fà sọ́tùn-ún sósì dé, tí ó ní abala àwọ̀n tirẹ̀. Fèrèsé tó ń ṣí síta bí ilẹ̀kùn ló fa àwọ̀n aṣeéká: nígbà tí gíláàsì bá ń ṣí síta, inú ni àwọ̀n ní láti wà, bí àwọ̀n náà bá sì dúró gbagidi, ọwọ́ kò ní í dé ibi tí a ti ń ti fèrèsé. Ó wá di dandan kí àwọ̀n náà lè kúrò lọ́nà.

Ẹ̀yà ara rẹ̀

Aṣọ àwọ̀n tó wọ́pọ̀ jù ni ti fáíbágíláàsì tí wọ́n fi ọ̀rá bò. Ó rọ̀, kì í dípẹtà, kì í sì í wọ́n jù. Èyí tí wọ́n fi àlùmíníọ̀mù tàbí irin tí kì í dípẹtà hun le ju bẹ́ẹ̀ lọ, òun ló sì yẹ fèrèsé ilé ìdáná, nítorí eku a máa fi eyín gé fáíbágíláàsì ní igun ìsàlẹ̀ níbi tí òórùn oúnjẹ bá ti ń jáde. Ojú àwọ̀n tí wọ́n ń pè ní 18 lọ́nà 16, èyí ni pé ojú 18 wà nínú ínṣì kan ní ìbú àti 16 ní òró, ni ó tó láti dá ẹ̀fọn dúró. Èyí tó bá kéré jù bẹ́ẹ̀ yóò dá kòkòrò wẹ́wẹ́ mìíràn dúró pẹ̀lú, àmọ́ yóò dín afẹ́fẹ́ kù, nínú ooru wa èyí kì í ṣe ohun kékeré.

Àwọ̀n aṣeéká ní àpótí tí a dè mọ́ òkè tàbí ẹ̀gbẹ́ fèrèsé. Nínú àpótí náà ni ọ̀pá kan wà tí àwọ̀n ń ká mọ́, sípíríìnì sì wà nínú ọ̀pá náà tó ń fà á padà. Ẹnu àwọ̀n wà lára ọ̀pá ìfà, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ méjèèjì ń rìn nínú ipa tẹ́ẹ́rẹ́ tí a fi búrọ́ọ̀ṣì kékeré tẹ́ etí rẹ̀, ìkọ́ tàbí mágínẹ́ẹ̀tì ló sì ń mú un dúró ní òpin. Èyí tó ṣeé ṣẹ́po kò ní sípíríìnì rárá: aṣọ pọ́líẹ́sítà tí wọ́n ti tẹ̀ ní ìṣẹ́po-ìṣẹ́po ni, okùn tẹ́ẹ́rẹ́ mélòó kan ló sì gba inú rẹ̀ kọjá láti mú un dúró ṣánṣán. Nítorí pé kò ní sípíríìnì, ó dúró níbikíbi tí a bá fi í sí, ó sì dára fún ẹnu-ọ̀nà tí ọmọdé ń gbà wọlé gbà jáde.

Ohun tó ń bà á jẹ́

Eruku ni olórí ọ̀tá. Lásìkò ọyẹ́, láti nǹkan bí oṣù Kejìlá sí oṣù Kejì, eruku a máa bo ojú àwọ̀n débi pé afẹ́fẹ́ kò ní í kọjá dáadáa mọ́. Onílé yóò rò pé ooru ló pọ̀, àṣé nẹ́ẹ̀tì ló ti di ògiri. Ní ọ̀nà Ọ̀dẹ̀dá níbi tí wọ́n ti ń fọ́ òkúta, ní Ewékorò níbi tí wọ́n ti ń ṣe símẹ́ńtì láti 1960, tàbí ní ẹ̀gbẹ́ ilé èyíkéyìí tí bíríkìlà ti ń ṣiṣẹ́, eruku náà le ju ti ọyẹ́ lọ. Ti símẹ́ńtì burú jù, nítorí bí omi bá kàn án lójú àwọ̀n, yóò gan síbẹ̀.

Ìjì tó ń ṣáájú òjò àkọ́rọ̀ ní oṣù Kẹta àti Kẹrin ni ó ń fa àwọ̀n aṣeéká yọ kúrò nínú ipa rẹ̀. Kò sí àwọ̀n aṣeéká tí wọ́n ṣe láti bá ìjì jà; ká a wọlé kí ìjì tó dé ni àtúnṣe tó rọrùn jù. Oòrùn a máa gbẹ rọ́bà tó mú aṣọ mọ́ férémù títí yóò fi sán. Èéfín epo ilé ìdáná a máa so eruku pọ̀ bí ẹ̀tẹ̀. Ewúrẹ́ a máa fi ara ha ẹnu-ọ̀nà, ológbò a máa gun un, àwọn ọmọ a sì máa sá gba inú rẹ̀ kọjá láìrí i. Aṣọ ìkélé tó gùn tó bẹ́ẹ̀ tó fi ń wọ inú ipa àwọ̀n náà ń dá kún un.

Nẹ́ẹ̀tì olóògùn tí ìjọba ń pín fún orí bẹ́ẹ̀dì kì í ṣe aṣọ ojú fèrèsé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀pọ̀ ń gé e fún un. Oòrùn a máa pa oògùn ara rẹ̀, aṣọ rẹ̀ kò sì le tó. Èyí tó ti gbó, tó ti ya, tí òmíràn sì ti rọ́pò rẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì, ni a lè lò bẹ́ẹ̀ láìṣe ara ẹni ní ibi.

Fífọ̀ àti ìtọ́jú

Ìgbà méjì lọ́dún tó fún yàrá: lẹ́ẹ̀kan nígbà tí ọyẹ́ bá kásẹ̀ nílẹ̀ kí òjò tó bẹ̀rẹ̀, lẹ́ẹ̀kan sí i nígbà tí òjò bá dáwọ́ dúró. Ti ilé ìdáná gbọ́dọ̀ pọ̀ jù bẹ́ẹ̀. Gbígbẹ ni a ti ń bẹ̀rẹ̀: a ó fi búrọ́ọ̀ṣì rírọ̀ gbọn eruku kúrò láti òkè wá sí ìsàlẹ̀, inú yàrá síta. Ẹni tó bá kọ́kọ́ da omi sí i yóò sọ eruku di ẹrẹ̀, ẹrẹ̀ náà yóò sì wọ inú ipa. Lẹ́yìn èyí ni a ó fi kànrìnkàn rírọ̀ àti omi lílọ́ wọ́ọ́rọ́ olóṣẹ fọ ọ́, ọwọ́ kan ní iwájú, èkejì ní ẹ̀yìn kí aṣọ má baà fẹ̀, a ó sì fi omi tó mọ́ ṣan án. Kẹrosíìnì, pẹtiróòlù àti oògùn tó ń bó aṣọ kò yẹ é. Wọn a máa jẹ ọ̀rá tó bo fáíbágíláàsì.

A kò gbọdọ̀ ká àwọ̀n tútù. Bí a bá ká a pẹ̀lú omi lára, yóò bu nínú àpótí, yóò máa rùn, àmì dúdú rẹ̀ kì í sì í lọ mọ́. Ó yẹ kó wà ní fífà síta títí yóò fi gbẹ pátápátá.

Ipa ìsàlẹ̀ ni ó ń gba ìdọ̀tí jù. Ìgbálẹ̀ kékeré, búrọ́ọ̀ṣì ìfọyín tó ti gbó, àti aṣọ tútù tó láti nu ún. Fèrèsé àlùmíníọ̀mù ní ihò wẹ́wẹ́ ní ìsàlẹ̀ tí omi òjò ń gbà jáde. Bí wọ́n bá dí, omi yóò dúró nínú ipa, kò sì yẹ kí ẹni tó ń sá fún ẹ̀fọn máa tọ́jú omi dídúró sójú fèrèsé ara rẹ̀. Lẹ́yìn tí ipa bá gbẹ, a lè fọ́n sílíkónì gbígbẹ sí i. Níbi tí kò bá sí, àbẹ́là tí a fi pa á ṣe iṣẹ́ náà dáadáa. Àdín, epo pupa, gírísì àti ọ́ìlì ọkọ̀ yóò mú kó yọ̀ fún ọjọ́ díẹ̀, lẹ́yìn náà wọn yóò kó eruku jọ débi pé àwọ̀n kò ní í lè rìn mọ́. Ọ̀pọ̀ àwọ̀n aṣeéká tí wọ́n ní sípíríìnì rẹ̀ ti kú, gírísì ló dì í.

Àtúnṣe

Ihò kékeré lójú àwọ̀n wáyà, a lè fi ẹnu abẹ́rẹ́ tún okùn wáyà náà tò padà. Ti fáíbágíláàsì, okùn ọ̀rá tẹ́ẹ́rẹ́ ni a fi ń rán an. Bí ihò bá tóbi ju sẹ̀ǹtímítà 1 lọ, a ó gé ẹ̀là kan lára irú àwọ̀n kan náà, a ó sì rán an lé e. Lára àwọ̀n aṣeéká, ẹ̀là náà gbọ́dọ̀ pẹlẹbẹ. Èyí tí a fi gọ́ọ̀mù nípọn lẹ̀ yóò wú nínú àpótí, yóò sì mú kí àwọ̀n máa ká wọ́. Yíya tó bá wà ní etí, níbi tí aṣọ ti wọ inú ipa, kò ṣeé rán. Aṣọ tuntun ló kàn.

Láti pààrọ̀ aṣọ àwọ̀n onírọ́bà, a ó tẹ́ férémù sórí tábìlì tàbí ilẹ̀ tó tẹ́jú, a ó fa rọ́bà àtijọ́ yọ, a ó sì wọn ọ̀nà rẹ̀ láti igun dé igun lọ́nà méjèèjì; bí ìwọ̀n méjèèjì kò bá dọ́gba, férémù ti wọ́, òun ni a ó kọ́kọ́ tún ṣe. Aṣọ tuntun gbọ́dọ̀ fi nǹkan bí sẹ̀ǹtímítà 5 ju férémù lọ ní ẹ̀gbẹ́ kọ̀ọ̀kan. Igun kan ni a ti ń bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ rọ́bà wọlé pẹ̀lú irinṣẹ́ onítáyà kékeré tí àwọn oníṣẹ́ àlùmíníọ̀mù ń lò. Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ jù ni fífa aṣọ náà le bí awọ ìlù: àlùmíníọ̀mù tẹ́ẹ́rẹ́ yóò tẹ̀ sínú, àlàfo yóò sì ṣí ní ẹ̀gbẹ́. Rọ́bà fúnra rẹ̀ ni yóò fà á tó. Èyí tó bá ṣẹ́ kù ni a ó fi abẹ gé, kí ẹnu abẹ dojú kọ ìta férémù.

Sípíríìnì gba ìṣọ́ra. Bí àwọ̀n bá ń lọ́ra padà, kí a kọ́kọ́ fọ ipa rẹ̀, nítorí ìdọ̀tí ló sábà máa ń fà á. Bó bá ṣì ń lọ́ra, a ó jẹ́ kó ká wọlé tán, a ó tú àpótí kúrò, a ó sì ṣí ìdérí ẹ̀gbẹ́ tí sípíríìnì wà. Ẹnu irin pẹlẹbẹ kan yọ níbẹ̀. Pílíàsì gbọ́dọ̀ ti dì í mú kí ó tó kúrò nínú ihò rẹ̀, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, yóò yí padà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, ó sì lè gé ìka. A ó yí i ní ìgbà 2 tàbí 3 sí apá ibi tó ti ń le sí i, a ó dá a padà, a ó dán an wò, kí a tó tún yí i. Èyí tí a yí jù yóò máa já padà pẹ̀lú ariwo, yóò sì fọ́ ìkọ́. Sípíríìnì tó ti ṣẹ́ kò ṣeé so. Òmíràn tó bá ìwọ̀n ọ̀pá náà mu ni a ń rà.

Lára èyí tó ṣeé ṣẹ́po, okùn ló máa ń já. A máa ń mọ̀ nítorí pé ọ̀pá ìfà yóò tẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ kan. A ó fi abẹ́rẹ́ gígùn mú okùn pọ́líẹ́sítà tuntun gba àwọn ihò àtijọ́ kọjá, a ó sì so ó ní ibi tí ti àkọ́kọ́ wà gan-an, kí gígùn rẹ̀ bá ti àwọn yòókù mu. Òwú ìránṣọ kò lè ṣe é. Ìṣẹ́po tó bá ti tú, a kì í lọ̀ ọ́ ní áyọ́ọ̀nù, aṣọ náà yóò yọ́.

Àlàfo tí a kì í rí

Àwọ̀n fèrèsé tó ń fà sọ́tùn-ún sósì lè wà ní pípé, kí ẹ̀fọn sì máa wọlé. Bí a bá ṣí gíláàsì dé ìdajì, ẹsẹ̀ gíláàsì àti ẹsẹ̀ àwọ̀n kò ní í pàdé, àlàfo tẹ́ẹ́rẹ́ kan yóò sì wà láàárín wọn láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ó yẹ kí a ṣí gíláàsì dé òpin, kí abala àwọ̀n bo gbogbo ibi tó ṣí, kí búrọ́ọ̀ṣì etí rẹ̀ sì fara kan gíláàsì. Búrọ́ọ̀ṣì tó ti gbó kì í wọ́n, a máa ń tà á ní gígùn, a sì lè fà á wọ inú ipa rẹ̀ láìlo gọ́ọ̀mù. Ní alẹ́, a lè tan iná tọ́ọ̀ṣì láti ìta sí etí fèrèsé kí ẹlòmíràn dúró nínú yàrá tó ṣókùnkùn. Ibi tí ìmọ́lẹ̀ bá ti yọ ni ẹ̀fọn ń gbà.

Irin ìdènà olè mú iṣẹ́ náà le. Ní ọ̀pọ̀ ilé Abẹ́òkúta, inú yàrá ni irin náà wà, àwọ̀n sì wà láàárín irin àti gíláàsì, nítorí náà ìta nìkan ni a ti lè yọ ọ́. Ní ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì, àkàbà ni èyí túmọ̀ sí, orí àpáta tí kò tẹ́jú sì ni ẹsẹ̀ àkàbà máa ń dúró lé ní Ìkìjà tàbí Ìtòkò. Onílé tó bá ń kọ́ ilé lọ́wọ́ lè bẹ alágbẹ̀dẹ irin pé kó fi ìlẹ̀kẹ̀ ilẹ̀kùn àti kọ́kọ́rọ́ sí apá kan irin náà ní yàrá kọ̀ọ̀kan. Yóò jẹ́ kí ọwọ́ dé ara àwọ̀n láti inú, yóò sì jẹ́ ọ̀nà àbáyọ bí iná bá ṣẹ́ yọ lẹ́nu-ọ̀nà. Kọ́kọ́rọ́ náà ní láti máa wà nítòsí, níbi tí ọmọ tó gbọ́n yóò ti rí i nínú òkùnkùn.